Marcello Gatti àti Ẹ̀rí Ìtàn Nínú Sinimá

Nígbà tí fíìmù La battaglia di Algeri dé Amẹ́ríkà, wọ́n kọ ọ́ síwájú rẹ̀ pé kò sí àwòrán kankan nínú rẹ̀ tí wọ́n yọ láti inú fíìmù ìròyìn. Iṣẹ́ ọwọ́ Marcello Gatti, ayàwòrán sinimá tí wọ́n bí ní Róòmù ní 1924, ló fa ìkìlọ̀ yìí. Òun náà ló ya Le quattro giornate di Napoli (1962), lórí bí ará ìlú Naples ṣe dìde sí ọmọ ogun Jámánì ní 1943.

Ọdún 1965 ni òun àti olùdarí eré, Gillo Pontecorvo, bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Kasbah, àdúgbò tí ìjà náà ti wáyé gan-an ní Algiers, ọdún mẹ́ta lẹ́yìn òmìnira Àlgéríà. Àwọn ará ìlú ló pọ̀ jù nínú òṣèré. Gatti kò lo aláwọ̀ mèremère, dúdú àti funfun ló yà. Ó gbé kámẹ́rà lọ́wọ́. Ó lo awò tó ń fa ohun tó jìnnà mọ́ra, bí akọ̀ròyìn tí kò lè sún mọ́ ibi tí ìbọn ti ń dún. Níbi tí wọ́n ti ń fọ fíìmù, wọ́n tún ya nẹ́gátíìfù mìíràn láti ara èyí tí wọ́n ti fọ̀, kí àwòrán lè rí hóró-hóró. Ohun tí oníṣẹ́ mìíràn ì bá kà sí àbùkù ni wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ wá.

Ibí ni ọ̀rọ̀ ti kan onímọ̀ ìtàn. Àwòrán náà jọ ẹ̀rí, bẹ́ẹ̀ ìrántí Yacef Saadi, ọ̀kan lára àwọn olórí FLN ní Algiers, ni ìpìlẹ̀ rẹ̀. Òun náà wà lára àwọn tó gbé fíìmù jáde, ó sì ṣeré nínú rẹ̀. Fíìmù náà kò fi àwọn aláìmọwọ́mẹsẹ̀ tí bọ́ǹbù FLN pa pamọ́, ìyìn sì tọ́ sí i fún èyí. Ṣùgbọ́n ìjà FLN àti MNA ti Messali Hadj, tí ọmọ Àlgéríà ti ń pa ọmọ Àlgéríà, kò sí níbẹ̀. Hóró àwòrán kò lè fi ohun tí kámẹ́rà kò kọjú sí hàn.

Queimada (1969), tí òun àti Giuseppe Ruzzolini yà, jẹ́ aláwọ̀, erékùṣù inú rẹ̀ sì jẹ́ àròsọ; kò sẹ́ni tó lè ṣì í mú fún ìròyìn. Ti Algiers yàtọ̀. Ní 2003, Pentagon fi í han àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ nítorí ogun Ìráàkì. Gatti ṣì wà láyé nígbà náà. 2013 ló kú.