Ọwọ́ Mímọ́ Níwájú Adájọ́: Ojúṣe Ẹni Tí Ó Ń Tọrọ Ìrànwọ́ Ilé-Ẹjọ́



Àwọn baba wa ní agbọ́-ẹjọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà. Síbẹ̀, òfin tí a jogún lọ́wọ́ àwọn Gẹ̀ẹ́sì gba adájọ́ láyè láti gbọ́ tẹnu ẹnìkan ṣoṣo kí ó sì pàṣẹ, bí ọ̀ràn bá jẹ́ ti kánjúkánjú. Kí ni kò jẹ́ kí irú adájọ́ bẹ́ẹ̀ di òṣìkà? Èrò tèmi ni pé òtítọ́ ẹni tí ó wá tọrọ àṣẹ náà ni. Bí òtítọ́ yẹn bá yẹ̀, ìwà ìkà ni ó kù.

Ọdún 1863 ni òfin Gẹ̀ẹ́sì di òfin Èkó. Ní 1876, òfin mìíràn fi yé àwọn adájọ́ pé kí wọ́n máa lo ìlànà ẹ̀tọ́ tí kóòtù Chancery ti Lọ́ńdọ̀nù ti là sílẹ̀ láti ayébáyé. Lára ìlànà náà ni pé ọwọ́ ẹni tí ó ń tọrọ ojú rere gbọ́dọ̀ mọ́. Ní 1917, Princess Edmond de Polignac bẹ ilé-ẹjọ́ ní Lọ́ńdọ̀nù pé kí ó dá àwọn agbowó-orí Kensington dúró. Nígbà tí ó hàn pé ó fi nǹkan pamọ́ nínú ìwé ìbúra rẹ̀, àwọn adájọ́ kò tilẹ̀ wádìí bóyá ó jàre. Wọ́n ní kí ó máa lọ.

Ní Ìkẹjà àti Agége, ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìwé lásán. Ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ni ó sọ apá kan ilẹ̀ Ìkẹjà di àdúgbò ilé-iṣẹ́ ńláńlá; ní 1967 àgbègbè náà bọ́ sí Ìpínlẹ̀ Èkó. Bí ilé-iṣẹ́ ti ń pọ̀ sí i ni ilẹ̀ ń di wúrà, tí ẹjọ́ ilẹ̀ sì ń pọ̀. Ẹ jẹ́ kí a fi ojú inú wo oníléeṣẹ́ kan ní Ọ̀gbà, tí ó búra pé àwọn àjèjì ṣẹ̀ṣẹ̀ já wọ ilẹ̀ òun, tí kò sì sọ pé ó ti tó 20 ọdún tí wọ́n ti ń gbé ibẹ̀, tí ìwé ẹ̀rí owó wà lọ́wọ́ wọn. Àṣẹ jáde, katapílà dé. Lóòótọ́, ìlànà Ilé-Ẹjọ́ Gíga Èkó wí pé irú àṣẹ bẹ́ẹ̀ kò ní kọjá ọjọ́ 7. Àṣẹ náà yóò kú. Ilé tí ó ti wó kò ní jí.

Nítorí irú ewu yìí ni Ilé-Ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Nàìjíríà ṣe là á yéni ní 1989, nínú ẹjọ́ Kotoye àti Báńkì Àpapọ̀, pé àfi bí ọ̀ràn bá jẹ́ kánjúkánjú ní tòótọ́, tí kì í ṣe èyí tí olùtọrọ fi ìjáfara ara rẹ̀ fà, ni a lè pàṣẹ lẹ́yìn ẹnìkejì. Olùtọrọ sì gbọ́dọ̀ ṣèlérí pé òun yóò san gbà-má-bínú bí ó bá hàn pé àṣẹ náà kò tọ́.

Bí ẹnu ti gbọ́dọ̀ mọ́ ni ọwọ́ gbọ́dọ̀ mọ́, ìjọba pàápàá kò sì yọ sílẹ̀. Ní 1985, Ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó, tí Ìkẹjà jẹ́ olú-ìlú rẹ̀, fi agbára lé Chukwuemeka Odumegwu Ojukwu kúrò nínú ilé kan ní Ìkòyí nígbà tí ọ̀rọ̀ ilé náà ṣì wà níwájú kóòtù. Ilé-Ẹjọ́ Kòtẹ́milọ́rùn ní kí wọ́n dá a padà síbẹ̀. Ìjọba kò dá a padà; ó gba ilé-ẹjọ́ tó ga jù lọ lọ, ó ní kí wọ́n bá òun dá àṣẹ náà dúró. Ní 1986, àwọn adájọ́, tí Káyọ̀dé Ẹ̀ṣọ́ àti Chukwudifu Oputa wà lára wọn, kọ̀ jálẹ̀: ẹni tí ó tẹ àṣẹ kóòtù mọ́lẹ̀ kò lè tún wá tọrọ ojú rere kóòtù. Ayé ológun ni ayé ọjọ́ náà. Kóòtù kò ní ọmọ-ogun. Kíkọ̀ láti ran ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ kò mọ́ lọ́wọ́ ni idà rẹ̀.

Nítorí náà, kí agbẹjọ́rò àti oníbàárà rẹ̀ tó tọwọ́ bọ ìwé ìbúra, kí wọ́n bi ara wọn pé: kí ni ẹni tí kò sí níhìn-ín ìbá sọ bí ó bá wà níbẹ̀? Ohun náà gan-an ni kí wọ́n fi ẹnu ara wọn sọ fún adájọ́. Nígbà náà ni ẹjọ́ ẹnìkan yóò di ẹjọ́ ẹni méjì, tí adájọ́ yóò sì bọ́ lọ́wọ́ òwe àwọn baba wa.