Ta Ni Ó Ń Pe Ta Ní Aládàámọ̀?

Nígbà tí ìjọ kan bá pe ìjọ kejì ní aládàámọ̀, kí ni ó ń wí gan-an? Iṣẹ́ èdè ni iṣẹ́ mi, nítorí náà ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti inú ọ̀rọ̀ náà fúnra rẹ̀. “Dá” àti “mọ̀” ni ó bí “àdámọ̀”: ohun tí ènìyàn dá mọ̀, tí àwọn yòókù kò bá a mọ̀. Nínú èdè Gíríìkì, yíyàn ni ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ tí ó bá a dọ́gba. Ẹni tí ó yan tirẹ̀ ni ó ṣẹ̀ lọ́dọ̀ ti àwọn Gíríìkì. Ẹni tí ó dá nìkan mọ̀ ni ó ṣẹ̀ lọ́dọ̀ tiwa. Bí a sì ti ṣẹ̀dá “aládàámọ̀” gẹ́lẹ́ ni a ṣe ṣẹ̀dá “aládùúrà”. Àwọn kan wà ní ilẹ̀ wa tí wọ́n jẹ́ orúkọ méjèèjì pọ̀.

Kí ìhìnrere tó dé, èèwọ̀ ni àwọn baba wa mọ̀. Bí a ti ń ṣe é nílé wa, èèwọ̀ ibòmíràn ni. Olóbàtálá kì í mu ẹmu, ṣùgbọ́n kò sọ pé ọlọ́gùn-ún tí ń mu ún ti ṣìnà. Ìwé àti ìgbìmọ̀ ni ó máa ń bí àdámọ̀.

Ní ọdún 1918, nígbà tí àjàkálẹ̀ àrùn ọ̀fìnkìn ń pa ènìyàn káàkiri ayé, àwọn ọmọ ìjọ Áńgílíkà díẹ̀ ní ilé ìsìn Saint Saviour, Ìjẹ̀bú-Òde, bẹ̀rẹ̀ sí kó ara wọn jọ fún àdúrà. Joseph Shadare ni aṣáájú wọn. Sophia Ọdúnlámì, ọ̀dọ́mọbìnrin olùkọ́, wà láàárín wọn. Ẹgbẹ́ Òkúta Iyebíye ni wọ́n pe ara wọn. Àdúrà kọ́ ni ó dá ìjà sílẹ̀. Wọ́n kọ oògùn, ti ìbílẹ̀ àti ti òyìnbó, wọ́n sì ní kò tọ́ kí a máa ṣe ìrìbọmi fún ọmọ ọwọ́. Bíṣọ́ọ̀bù Melville Jones kò gbà. Ní ọdún 1922 wọ́n kúrò nínú ìjọ náà, Shadare sì fi ipò rẹ̀ nínú Sínóòdù sílẹ̀. Ẹ má jẹ́ kí a ṣe àbòsí: bí a bá fi òfin ìjọ Áńgílíkà wò ó, bíṣọ́ọ̀bù kò jẹ̀bi. Ẹ̀rí ọkàn ni Shadare tẹ̀ lé. Òfin ni bíṣọ́ọ̀bù dì mú.

Wọ́n wá dara pọ̀ mọ́ Faith Tabernacle ti Philadelphia ní Amẹ́ríkà, tí kò rán ẹnikẹ́ni sí wọn rí, àfi lẹ́tà àti ìwé kéékèèké. Ní Ìbàdàn, Isaac Akínyẹlé fi ìjọ Áńgílíkà sílẹ̀, ó tẹ̀ lé wọn. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Alexander, dúró. Ẹ̀gbọ́n di Bíṣọ́ọ̀bù àkọ́kọ́ fún Ìbàdàn ní ọdún 1952. Àbúrò di Olúbàdàn ní ọdún 1955. Èwo nínú wọn ni aládàámọ̀? N kò rò pé àwọn ará Ìbàdàn fi ọ̀ràn yìí sọ oorun nù.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti dùn jù ni èyí. Lẹ́yìn ìsọjí ńlá tí Joseph Ayọ̀ Babalọlá ṣe ní Òkè-Oyè, Iléṣà, ní ọdún 1930, wọ́n pe ìjọ Apostolic ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àwọn aṣojú rẹ̀ sì dé ní ọdún 1931. Òyìnbó tiwọn dé wàyí, ẹni tí ó gbàgbọ́ nínú ìwòsàn àtọ̀runwá bíi tiwọn. Nígbà tí ó ṣe, wọ́n rí i pé àwọn òyìnbó wọ̀nyí ń lo kuiníìnì nítorí ibà. Àwọn òyìnbó ní ìgbàgbọ́ nínú ìwòsàn kò sọ oògùn di ẹ̀ṣẹ̀. Babalọlá, Akínyẹlé àti Ọdúbánjọ kò gbà: ohun tí a tìtorí rẹ̀ kúrò ní ilé baba wa kọ́ ni a ó wá fi jálẹ̀ nítorí àlejò. Àwọn tí a pè ní aládàámọ̀ ní ọdún 1922 ni ó wá di adájọ́, tí ajíhìnrere òyìnbó sì di ẹni tí ó yà kúrò lọ́nà. Ìyapa náà ni ó bí Christ Apostolic Church, tí wọ́n forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lábẹ́ òfin ní ọdún 1943.

Kì í ṣe tuntun. Ìgbà márùn-ún ni wọ́n lé Athanasius kúrò ní Alexandria, ní ilẹ̀ Áfíríkà níhìn-ín, nítorí ẹ̀kọ́ tí gbogbo ìjọ wá gbà.

Nílé wa ní Yewa, ẹni tí ó bá ti Ìjoun lọ sí Ìmẹ̀kọ lásìkò Kérésìmesì yóò rí àwọn aláṣọ funfun tí wọn kì í wọ bàtà, tí wọ́n ń rọ́ wá láti Nàìjíríà àti láti òdìkejì ibodè. Samuel Bilewu Oshoffa, káfíńtà ará Àjàṣẹ́ tí ó dá Ìjọ Mímọ́ ti Kírísítì láti Ọ̀run Wá sílẹ̀ ní ọdún 1947, ni wọ́n sin sí ibẹ̀ ní ọdún 1985. Ìlú ìyá rẹ̀ ni. Ọ̀pọ̀ ìjọ ni ó ti pe ìjọ yìí ní àdámọ̀. Síbẹ̀, ó le kí a tó rí ìjọ tí òfin rẹ̀ le tó tirẹ̀: ọjọ́ tí obìnrin kò gbọdọ̀ wọ ilé ìsìn, ohun tí a kò gbọdọ̀ jẹ, ibi tí ẹsẹ̀ kò gbọdọ̀ tẹ̀. Lẹ́yìn ikú A. A. Bada, ẹni tí ó rọ́pò rẹ̀, ní ọdún 2000, àríyànjiyàn lórí ẹni tí yóò jẹ́ olórí pín ìjọ náà sí ọ̀nà púpọ̀. Ẹnìkọ̀ọ̀kan wọn ni ó sọ pé ọwọ́ òun ni ohun tí Oshoffa fi sílẹ̀ wà.