Ẹja Pupa Inú Ìwé Tutùọlá

Kò sí ẹja tí ń tan iná nínú adágún Gyel. Ihò tí àwọn awakùsà gbẹ́ láti fi wá tánganran ni púpọ̀ nínú àwọn omi tó wà káàkiri àgbègbè yẹn, ẹ̀bá Bukuru àti Rayfield ní Jos. Òjò ló kún inú wọn. Bí o bá dúró létí ọ̀kan nínú wọn nírọ̀lẹ́, epìyà kan á ta sókè fìrì, ikùn rẹ̀ á kọ mànà, á tún wọmi lọ. Oòrùn tó ń wọ̀ ló tàn lára rẹ̀. Ẹja kò tan ohunkóhun.

Bí ó ti rí nínú omi dídùn gbogbo nìyẹn. Inú òkun ni àwọn ẹja tí ń fi ara wọn tan ìmọ́lẹ̀ ń gbé, irú wọn sì lé ní 1,000. Ẹni tó bá ń wá ẹja títàn nílẹ̀ wa, àfi kó lọ wá a sínú ìtàn, àti pé nínú gbogbo èyí tí mo mọ̀, Ẹja Pupa ti Amos Tutùọlá ni mo fi ṣe olórí.

Abẹ́òkúta ni wọ́n ti bí Tutùọlá ní 1920. Alágbẹ̀dẹ ni níṣẹ́. Ó fi iṣẹ́ náà sin àwọn ọmọ ogun òfuurufú Gẹ̀ẹ́sì nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Nígbà tí ogun parí, ó di ìránṣẹ́ ní ọ́fíìsì ìjọba kan ní Èkó, níbi tó ti máa ń jókòó láìrí nǹkan ṣe títí tó fi fa bébà tó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìtàn. Ìwé tó kọ́kọ́ kọ, ilé iṣẹ́ tí ń tẹ ìwé nípa fọ́tò yíyà ní London ló fi lọ̀. Ó ní òun ní fọ́tò àwọn iwin. Nígbà tí fọ́tò dé, àwòrán tí wọ́n fọwọ́ yà ni wọ́n bá níbẹ̀.

Faber and Faber ló tẹ The Palm-Wine Drinkard jáde ní London ní 1952. Ọ̀mu kan ni ẹlẹ́mu rẹ̀ já bọ́ lórí ọ̀pẹ, tó sì kú, ló bá ń wá a lọ sí ìlú àwọn òkú. Lójú ọ̀nà ló ti kan Ìlú Pupa. Èèyàn pupa, ẹran pupa, omi pupa. Ọba ìlú ló rojọ́ bó ṣe ṣẹlẹ̀: nígbà èwe òun, òun dẹ pàkúté sínú igbó, òun dẹ àwọ̀n sínú odò. Ẹyẹ pupa kó sínú àwọ̀n, ẹja pupa kó sínú pàkúté. Ó sọ wọ́n sínú iná, èéfín wọn sì sọ gbogbo ìlú di pupa. Láti ìgbà náà ni ẹja àti ẹyẹ yìí ti ń bọ̀ lọ́dọọdún láti gba èèyàn kan jẹ, kí ọ̀mu tó dé tó pa wọ́n.

Orí Ẹja Pupa rí bí ti ìjàpá, ó tóbi tó ti erin, ìwo orí rẹ̀ lé ní 30, ojú sì yí orí náà ká. Àwọn ojú yìí ni mo ń bá bọ̀. Tutùọlá ní ńṣe ni gbogbo wọn ń ṣí tí wọ́n sì ń pa dé pọ̀ lẹ́ẹ̀kan, bí ìgbà tí èèyàn ń tẹ súwíìṣì. Apàlọ́ àtijọ́ á ti fi irú ojú bẹ́ẹ̀ wé ẹyinná. Tutùọlá fi ẹyinná sílẹ̀ sínú ààrò, ó lọ fi iná mànàmáná sójú iwin. Kò sì sí ohun àjèjì ńbẹ̀. Èkó ti ní iná mànàmáná kí wọ́n tó bí i. Ní Bukuru, láti 1929 ni ilé iṣẹ́ NESCO ti wà, tí ń fi agbára omi Kurra ṣe iná fún àwọn ibi ìwakùsà. Súwíìṣì ti di ohun ilẹ̀ wa. Tutùọlá ni kò bojú wẹ̀yìn kó tó fi í sínú àlọ́.

Akéwì Dylan Thomas yin ìwé náà nínú The Observer lọ́dún 1952 kan náà tó jáde. Nílé ńkọ́? Ní 1954, ẹnì kan kọ lẹ́tà sí ìwé ìròyìn West Africa pé Gẹ̀ẹ́sì Tutùọlá kò dáa, pé ọ̀dọ̀ òǹkọ̀wé Fágúnwà ló ti kó ìtàn. Pé Fágúnwà ṣíwájú rẹ̀, òótọ́ ni: Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmọlẹ̀ jáde ní 1938. Ṣùgbọ́n ẹni tó ka ojú ẹja yẹn, tó wá ń ka àṣìṣe gírámà, mo kẹ́dùn fún un. Ní 1963 ni Kọ́lá Ògúnmọ́lá gbé ìtàn ọ̀mu náà padà sí èdè Yorùbá lórí ìtàgé ní Ìbàdàn.

Ẹja tó ní iná nínú kì í ṣàjèjì sáwọn apẹja wa náà. Òjijì ń gbé nínú odò wa, agbára tó sì ń jáde lára rẹ̀ lè tó 350 fóltì. Ẹni tó bá gbá a mú, apá rẹ̀ á kú tipiri. Àwọn Lárúbáwá ń pè é ní “ra'ad”, ìyẹn ààrá. Àwọn ará Íjíbítì sì ti gbẹ́ àwòrán rẹ̀ sára ògiri ibojì Ti ní Saqqara láti ohun tó lé ní 4,000 ọdún. Gbogbo iná yẹn kò tàn rárá. Ó fi ń pa ohun tí yóò jẹ ni.

Tutùọlá kú ní Ìbàdàn ní 1997. Ọdún méjì lẹ́yìn náà, àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ní Singapore ti ń mú ohun tó ń mú ara ẹran omi òkun kan tàn, wọ́n ń fi í sínú ẹja wẹ́rẹ́ kan láti ilẹ̀ Íńdíà. Láti ibẹ̀ ni GloFish ti jáde, ọ̀kan nínú àwọn ẹja àkọ́kọ́ tí wọ́n tún ẹ̀dá wọn ṣe tó dé ọjà gẹ́gẹ́ bí ẹran ọ̀sìn inú ilé. Òpin ọdún 2003 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í tà á ní Amẹ́ríkà, kí àwọn èèyàn máa fi í sínú dígí sí pálọ̀ máa wò. Aláwọ̀ pupa ni wọ́n kọ́kọ́ gbé sọ́jà.