Òtítọ́ Tí Ògúndé Gbé Dọ́jà

Òtítọ́ dọ́jà ó kùtà, owó lọ́wọ́ ni à ń ra èké. Àwọn àgbà tó pa òwe yìí mọ ọjà dáadáa. Wọ́n ti rí olódodo tó jókòó ti igbá rẹ̀ dalẹ́, tí ẹlẹ́tàn sì ti patẹ, tó tà, tó sì ti relé. N kò bá wọn jiyàn. Àmọ́ òwe náà kò sọ bóyá òtítọ́ dákẹ́ nígbà tó dọ́jà, tàbí ó kọrin. Hubert Ògúndé, olórin àti òṣèré, fi ohun tó ju ogójì ọdún lọ dáhùn ìyẹn.

Òsósà ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú ni wọ́n bí i sí ní 1916. Oníwàásù ìjọ Onítẹ̀bọmi ni bàbá rẹ̀, síbẹ̀ ọmọ náà bá eégún aláré jó nígbà èwe. Ó ṣe tíṣà, ó tẹ dùùrù ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó sì ṣe ọlọ́pàá. Ní oṣù Kẹfà 1944, ìjọ Aládùúrà kan ní kí ó ṣe eré olórin fún àwọn. Ìtàn ọgbà Édẹ́nì ló fi ṣe é, ní gbọ̀ngàn Glover, l'Ékòó. Nígbà tó fi di 1945, ó ti fi iṣẹ́ ọlọ́pàá sílẹ̀, ó sì ti kó ẹgbẹ́ òṣèré jọ.

Lọ́dún yẹn náà ni àwọn òṣìṣẹ́ ìjọba daṣẹ́ sílẹ̀, tí Michael Imoudu ṣáájú wọn. Ògúndé sọ ọ̀rọ̀ náà di eré, ó pè é ní Strike and Hunger. Nígbà tó gbé e dé Jos ní 1946, ọlọ́pàá mú un, wọ́n sì ní kó san £125. Kò tìtorí ìyẹn panu mọ́. Nígbà tí ọlọ́pàá yìnbọn pa awakùsà 21 ní Enugu ní 1949, ó gbé Bread and Bullet jáde lọ́dún tó tẹ̀ lé e.

Kí ló dé tí àwọn èèyàn fi ń sanwó wọlé wá gbọ́ ohun tó korò? Ọgbọ́n rẹ̀ ni pé kì í fi ìwàásù síwájú. Orin àti ijó ni yóò kọ́kọ́ fi ṣíde, ara àwọn èèyàn á yá, kí ìtàn tó bẹ̀rẹ̀. Orin ló gbé ọ̀rọ̀ náà dé ọ̀dọ̀ ẹni tí kò mọ̀wé, tó sì bá a délé. Lójú tèmi, iṣẹ́ rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí olórin ló kọ́kọ́ tóbi, kí á tó sọ ti òṣèré.

Ní 1964 ni ọ̀rọ̀ wá dójú ẹ̀. Eré Yorùbá Ronú sọ ti ọba tí igbákejì rẹ̀ dalẹ̀ rẹ̀, ẹni tó bá sì tẹ̀ lé ìjà òṣèlú Awólọ́wọ̀ àti Akíntọ́lá, tó ń darí Ìwọ̀ Oòrùn nígbà náà, mọ ẹni tí wọ́n ń bá wí. Ìjọba Ìwọ̀ Oòrùn fòfin de ẹgbẹ́ Ògúndé jákèjádò agbègbè wọn. Ó fi eré mìíràn dá wọn lóhùn: Òtítọ́ Korò.

Òfin yẹn kan etíkun Àgbádárìgì, àwọn tó sì rántí èyí kò pọ̀. Wọn kò tíì dá Ìpínlẹ̀ Èkó sílẹ̀. Ó di 27 oṣù Karùn-ún 1967 kí wọ́n tó dá a. Abẹ́ Ìwọ̀ Oòrùn ni Àgbádárìgì wà, nígbà tí Èkó gan-an wà lábẹ́ ìjọba àpapọ̀. Ọ̀sà kan náà ló so ìlú méjèèjì pọ̀, àmọ́ Ògúndé kò gbọdọ̀ ṣeré fún Ẹ̀gùn àti Àwórì tó wà ní Àjárá tàbí Tòpó. Ẹni tó bá fẹ́ wò ó nínú wọn, àfi kó forí lé Èkó. Oṣù Kejì 1966 ni ìjọba ológun, lábẹ́ Fájuyì, gómìnà ológun Ìwọ̀ Oòrùn, tó ká òfin náà kúrò.

Ògúndé tún ṣe fíìmù Ayé àti Jáíyésinmi kó tó kú ní London ní 1990. Ẹ̀yin àgbà Àgbádárìgì tí ẹ rántí ọdún méjì tí òfin yẹn fi wà, ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ yín gba ohùn yín sílẹ̀ báyìí.