Ajá Bulldog: Ẹwà Tí Ó Ń Gba Èémí

Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láyé àtijọ́, iṣẹ́ kan pàtó ni ajá tí à ń pè ní bulldog ń ṣe. Wọn a so akọ màlúù mọ́ òpó ní gbangba, wọn a sì dẹ ajá sí i kí ó deyín mọ́ imú rẹ̀. Eré ìkà ni, kò sí àwíjàre kankan fún un. Síbẹ̀, ajá tí kò lè sáré, tí kò sì lè mí dáadáa, kò lè ṣe é.

Òfin fòpin sí eré náà ní ọdún 1835, iṣẹ́ sì bọ́ lọ́wọ́ bulldog. Eré mìíràn ló rọ́pò rẹ̀: ìdíje ẹwà ajá, èyí tí ó wáyé ní ìlú Newcastle ní 1859. Wọ́n dá Kennel Club sílẹ̀ ní 1873. Nígbà tí ó di 1875, àwọn olólùfẹ́ bulldog kó ara wọn jọ di ẹgbẹ́ ní Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n sì ṣe àkọsílẹ̀ bí ajá náà ṣe gbọ́dọ̀ rí. Láti ìgbà náà, ojú adájọ́ ni ajá ń bẹ̀rù, kì í ṣe ìwo màlúù. Èyí tí ó bá gba ẹ̀bùn ni wọ́n ń mú gun abo, àní abo tí ó bá a tan pàápàá, kí ìrísí náà má baà yẹ̀. Imú tí ìwé pè ní kúkurú wá di pẹlẹbẹ.

Egungun imú nìkan ló kúrú. Ẹran inú ọ̀fun kò bá a kúrú, ó sì ń dí ọ̀nà èémí. Ajá kì í làágùn bí ènìyàn. Mímí hẹlẹhẹlẹ ló fi ń tu ara rẹ̀ lára, nítorí náà oòrùn lásán lè pa bulldog. Orí ọmọ tún tóbi ju ìbàdí ìyá lọ. Ìwádìí kan tí a tẹ̀ jáde ní 2010 fi hàn pé, nínú 100 ìgbà tí bulldog bímọ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ó lé ní 80 tí ó jẹ́ nípa iṣẹ́ abẹ. Ẹranko wo ni ènìyàn dá láre láti sọ di èyí tí kò lè bímọ láìsí dókítà?

Àwọn tó ń sin ín kò kórìíra rẹ̀ o. Ìfẹ́ wọn gan-an ló mú ọ̀rọ̀ náà le. Bí ó bá ń hanrun, wọn a máa rẹ́rìn-ín, láìmọ̀ pé ẹranko tó ń wá èémí ni àwọn ń gbọ́.

Ní oṣù kìíní ọdún 2022, ilé ẹjọ́ kan ní Oslo, ní orílẹ̀-èdè Norway, dájọ́ pé sísin bulldog àti ajá Cavalier lòdì sí òfin ààbò ẹranko. Kí ọdún náà tó parí, ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn dá àwọn tó ń sin bulldog láre. Ní 2023, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ fìdí ẹjọ́ ti Cavalier múlẹ̀. Wọ́n ṣì ń sin bulldog níbẹ̀.