Ìtúká Ìgbéyàwó ní Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́

Àwọn kan ń wí pé òyìnbó ni ó mú ìkọ̀sílẹ̀ wọ ilẹ̀ wa. Àwọn mìíràn ń wí pé láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ni tọkọtaya ti ń tú ká nígbà tí ó bá wù wọ́n. Ìtàn kò ti ọ̀kan lẹ́yìn nínú méjèèjì.

Ní Ọ̀yọ́ àti Ògbómọ̀ṣọ́, ìdílé méjì ni ń fẹ́ ara wọn. Alárinà a kọ́kọ́ máa lọ, a máa bọ̀. Lẹ́yìn rẹ̀ ni ìṣíhùn, nígbà tí ará ilé ọmọbìnrin bá fi ẹnu ara wọn gbà. Lẹ́yìn náà ni ìdáná, pẹ̀lú obì, aṣọ àti owó. Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ohùn ṣọ̀kan sí, ẹnì kan kò lè dá a tú.

Àlùfáà Samuel Johnson, ẹni tí ó ṣiṣẹ́ ní Ọ̀yọ́ títí ó fi sùn nínú Olúwa ní 1901, jẹ́rìí nínú ìwé ìtàn rẹ̀ tí a tẹ̀ ní 1921 pé ìkọ̀sílẹ̀ ṣọ̀wọ́n tó bẹ́ẹ̀ tí a fi lè kà á sí ohun tí kò sí. Síbẹ̀ ó ka àwọn ohun tí ó lè fà á: panṣágà pẹ̀lú ìbátan ọkọ, olè jíjà, gbèsè léraléra, ti obìnrin sì ni ìkà ọkọ tí ẹlẹ́rìí wà fún. Bí èyí tilẹ̀ ṣẹlẹ̀, àwọn àgbà a wá ìlàjà títí ọgbọ́n yóò fi pin. Bí ó bá kùnà, obìnrin náà a di dalémosú, kò sì lè ní ọkọ mìíràn lábẹ́ àṣà, nítorí a kì í ṣú opó alààyè. Ọkùnrin a fẹ́ òmíràn. Ní ti obìnrin, ọ̀nà ti dí.

Lẹ́yìn òfin ilé-ẹjọ́ ìbílẹ̀ ti 1914, ọ̀ràn yí padà. Ohun tí ilé-ẹjọ́ ń bèèrè ni pé, èló ni ọkọ ná? Bí a bá dá owó ìdáná padà, ìgbéyàwó tú. Lọ́pọ̀ ìgbà ọkọ tuntun ni ó ń san án. Àwọn àgbà kẹ́dùn, kì í sì í ṣe lásán, nítorí ìjókòó ìlàjà kúrú, owó kíkà sì gba ipò rẹ̀. Ṣùgbọ́n a kò gbọdọ̀ gbàgbé pé obìnrin tí ọkọ ń lù rí ọ̀nà tí ìyá rẹ̀ kò rí. Ní 1958 ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn tún gbé ìlànà kalẹ̀ fún àwọn ìgbìmọ̀ ìlú lórí ìgbéyàwó, ìkọ̀sílẹ̀ àti ìtọ́jú ọmọ.

Kí àwọn tí a so pọ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì lábẹ́ òfin ìjọba má ṣe àṣìṣe: ilé-ẹjọ́ ìbílẹ̀ kò lè tú wọn, ilé-ẹjọ́ gíga ni. Òfin 1970 gbà pé bí wọ́n bá ti gbé lọ́tọ̀ fún ọdún 2, tí ẹnìkejì kò sì takò ó, adájọ́ lè kà á sí ẹ̀rí pé ìgbéyàwó náà ti bàjẹ́.

A kò kọ èyí láti ti ẹnikẹ́ni sí ìkọ̀sílẹ̀. Ṣùgbọ́n níbi tí ìlàjà bá ti kùnà, ẹ jẹ́ kí ìdílé méjèèjì tún jókòó bí wọ́n ti jókòó ní ọjọ́ ìṣíhùn, kí wọ́n bèèrè ẹni tí yóò tọ́ àwọn ọmọ àti ohun tí obìnrin náà yóò jẹ, kí wọ́n tó bèèrè owó.