Sarashi: Orúkọ Kan fún Aṣọ àti fún Ìtìjú ní Japan

Ní èdè Japan, orúkọ kan náà ni wọ́n fi ń pe aṣọ funfun tí aboyún fi ń di ikùn àti ìjìyà tí ìjọba ayé àtijọ́ fi ń gbé arúfin kalẹ̀ ní gbangba kí gbogbo ojú lè wò ó. Orúkọ náà ni sarashi. Ìwé atúmọ̀ èdè kékeré sábà máa ń sọ pé aṣọ òwú tí a ti fọ̀ di funfun ni, yóò sì fi ìtumọ̀ yòókù sí ìsàlẹ̀ bí ẹni pé àlejò ni. Àlàyé bẹ́ẹ̀ kì í ṣe irọ́, ṣùgbọ́n ó fi ìparí ìtàn ṣe ìbẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Nínú ohun mẹ́ta tí ó dárúkọ, èyíinì ni òwú, aṣọ àti funfun, kò sí ọ̀kan tí ó wà nínú ọ̀rọ̀ náà láti ìpilẹ̀ṣẹ̀.

Ọ̀rọ̀-ìṣe sarasu ni a ti ṣẹ̀dá sarashi. Ohun tí ó túmọ̀ sí ni kí a gbé nǹkan síta, kí a sì fi í sílẹ̀ kí oòrùn, afẹ́fẹ́, omi tàbí òjò ṣe iṣẹ́ wọn lórí rẹ̀. Àmì méjì ni wọ́n fi ń kọ ọ́, 晒 àti 曝, àwòrán oòrùn ni ó sì wà lápá òsì àwọn méjèèjì. Ọkàn òǹkàwé Yorùbá yóò lọ sí ‘sá’, ọ̀rọ̀-ìṣe tí a fi ń sá aṣọ àti èlùbọ́. Ìjọra ìró àwọn méjèèjì kò ju àkọsẹ̀bá lọ, kò sì sí ẹni tí ó yẹ kí ó fi í wá ìbátan láàárín èdè méjì tí ó jìnnà síra báyìí. Ìjọra ìṣe wọn ni ó wúlò. Ẹni tí ó bá ti sá èlùbọ́ rí mọ̀ pé nǹkan náà gbọ́dọ̀ pẹ́ lójú gbangba kí ó tó yí padà. Gbangba, àkókò àti ìyípadà: àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni ó wà nínú sarasu, ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín àwọn ìtumọ̀ rẹ̀ sì dá lórí irú ìyípadà tí ó dé bá ohun tí a gbé síta.

Ẹ̀rí àtijọ́ kan wà nínú Man’yōshū, àkójọ ewì tí ó dàgbà jù lọ nínú èyí tí ó ṣẹ́ kù ní èdè Japan, tí àkójọ rẹ̀ jẹ́ ti ọ̀rúndún kẹjọ. Nínú ìwé kẹrìnlá rẹ̀, níbi tí àwọn orin ìhà ìlà-oòrùn wà, orin kan wà nípa aṣọ tí a fi ọwọ́ hun tí wọ́n ń fi odò Tama sọ di funfun. Olórin náà fi ìró ọ̀rọ̀-ìṣe yìí ṣeré láti sọ bí ìfẹ́ ọmọbìnrin kan ṣe ń pọ̀ sí i lọ́kàn òun. Orin ìfẹ́ ni, ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí ó wà lẹ́yìn rẹ̀ kì í ṣe eré. Aṣọ jẹ́ ara ìṣákọ́lẹ̀ tí àwọn ẹkùn ń san fún ààfin nígbà náà. Orúkọ ìlú Chōfu, tí ó wà létí odò Tama ní ìwọ̀-oòrùn Tokyo, ṣì ń sọ ọ́: àmì méjì tí wọ́n fi ń kọ ọ́ túmọ̀ sí aṣọ ìṣákọ́lẹ̀.

Aṣọ ìgbà náà kì í ṣe òwú. Èèpo inú igi eweko ni wọ́n ń bó tí wọ́n ń ran di fọ́nrán, irú èyí tí wọ́n ń pè lápapọ̀ ní asa. Àwọ̀ fọ́nrán bẹ́ẹ̀ máa ń ṣókùnkùn díẹ̀ bí koríko gbígbẹ, ó sì máa ń le. Láti sọ ọ́ di funfun, wọn a máa sè é nínú omi eérú, wọn a gún un lódó, wọn a tẹ́ ẹ sórí koríko etí odò, wọn a wọ́n omi sí i, oòrùn a fà á gbẹ, wọn a sì tún bẹ̀rẹ̀ láti orí omi eérú. Ìlú Nara ni ó lókìkí jù lọ nídìí iṣẹ́ yìí ní ọ̀rúndún kẹtàdínlógún. Aṣọ Nara-sarashi ni àwọn jagunjagun onípò, samurai, fi ń rán ẹ̀wù àyẹyẹ wọn, òun náà sì ni àwọn oníṣẹ́ ọnà tíì yàn láti fi nu àwo tíì. Ilé-iṣẹ́ Nakagawa Masashichi, tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Nara ní 1716 fún òwò aṣọ yìí, ṣì wà títí dòní.

Ní ẹkùn Echigo, níhà àríwá, yìnyín ni ó gba ipò koríko. Nígbà tí òtútù bá ń kásẹ̀ nílẹ̀, ní oṣù kejì sí oṣù kẹta, wọn a tẹ́ aṣọ sórí pápá yìnyín lábẹ́ oòrùn. Àlàyé tí àwọn oníṣẹ́ náà sábà ń ṣe ni pé nígbà tí oòrùn bá ń yọ́ yìnyín, atẹ́gùn ozone a jáde, òun ni yóò sì fọ àwọ̀ kúrò lára fọ́nrán. Oníṣòwò aṣọ kan, Suzuki Bokushi, kọ ìwé nípa ìgbé-ayé àárín yìnyín ní ẹkùn yìí, apá kìn-ín-ní rẹ̀ sì jáde ní 1837. Ó fi ibi púpọ̀ nínú rẹ̀ ṣàlàyé aṣọ, nítorí pé lójú rẹ̀ yìnyín tí ó ń ya ènìyàn lára tún ni ó ń bọ́ wọn. Ní 2009, UNESCO fi iṣẹ́ aṣọ Ojiya-chijimi àti Echigo-jōfu sínú àkọsílẹ̀ ogún àṣà aráyé. Àwọn òṣèré kabuki pẹ̀lú sọ iṣẹ́ náà di ijó: ní ìparí Echigo-jishi, tí wọ́n kọ́kọ́ jó ní Edo ní 1811, oníjó a máa ju aṣọ funfun gígùn lọ́wọ́ méjèèjì bí ẹni tí ń fọ̀ ọ́ lójú omi.

Òwú pẹ́ kí ó tó dé. Àkọsílẹ̀ ààfin sọ pé ọkọ̀ ojú omi àjèjì kan gbé hóró òwú dé èbúté Mikawa ní 799, ṣùgbọ́n òwú tí wọ́n gbìn náà kò gbilẹ̀. Ọ̀rúndún kẹẹ̀ẹ́dógún ni aṣọ òwú láti Kòríà pọ̀ lọ́jà, ọ̀rúndún kẹrìndínlógún ni gbígbìn rẹ̀ sì tàn kálẹ̀. Nígbà tí òwú wá di aṣọ mẹ̀kúnnù, orúkọ àtijọ́ ń dúró dè é. Ní ìlú Sakai, nítòsí Osaka, àwọn ilé-iṣẹ́ tí wọ́n wà lẹ́bàá odò Ishizu ṣì ń ṣe é bí wọ́n ṣe ń ṣe é: wọn a kó aṣọ jọ gẹrẹgẹ sínú ìkòkò ńlá, wọn a sì sè é pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ fún ọjọ́ bíi méjì. Ẹ̀rọ òde òní a máa fa aṣọ le, a sì parí iṣẹ́ náà kí wákàtí kan tó pé. Ẹni tí ó bá fọwọ́ kan méjèèjì yóò mọ èyí tí a kò fà, nítorí ó rọ̀, ó sì ń mu omi àti aró dáadáa. Ọ̀rọ̀-ìṣe náà kò kúrò lẹ́nu àwọn tí ń se oúnjẹ pẹ̀lú. Àlùbọ́sà ewé tí a gé tí a sì fi sínú omi kí ìtani rẹ̀ lè lọ ni wọ́n ń pè ní sarashi-negi.

Títí dé ibí yìí, ohun tí a gbé síta ń padà wálé pẹ̀lú iyì. Ìdí nìyí tí wọ́n fi gbà á sí ara. Ìbàǹtẹ́ ọkùnrin, ìlédìí ọmọ ọwọ́, ọ̀já àyà obìnrin tí ó wọ kimono, aṣọ ìnujú, aṣọ tí alásè fi ń wé ọ̀bẹ rẹ̀ nígbà tí ó bá ń lọ ṣiṣẹ́ níbòmíràn: sarashi ni gbogbo wọn. Àwọn tí ń gbé ọkọ̀ òrìṣà lọ́jọ́ ọdún a máa fi í wé ikùn, fíìmù nípa àwọn ẹgbẹ́ ọ̀daràn yakuza sì ti sọ ikùn tí a fi aṣọ funfun wé di àmì ẹni tí kò bẹ̀rù ọ̀bẹ. Aboyún pẹ̀lú ní tirẹ̀ nínú wọn. Ní oṣù karùn-ún oyún, ní ọjọ́ ajá nínú kàlẹ́ńdà ẹranko méjìlá, wọn a di ọ̀já náà mọ́ ọn níkùn, nítorí ajá a máa bímọ nírọ̀rùn. Ní tẹ́ńpìlì Nakayama-dera ní Takarazuka, aboyún a máa gba ọ̀já tí wọ́n ti gbàdúrà sí. Bí ó bá bí tibi-tire, yóò padà wá dúpẹ́ pẹ̀lú sarashi tuntun. Wọ́n ń sọ ọ́ níbẹ̀ pé ọ̀já tẹ́ńpìlì yìí ni ìyá Ọba Meiji gbà kí ó tó bí i ní 1852.

Ikùn ọmọ ogun ni ọ̀já náà tún dé. Láti ìgbà ogun Japan pẹ̀lú Rọ́ṣíà ní 1904 sí 1905, àti ní pàtàkì lẹ́yìn tí ogun Ṣáínà bẹ́ sílẹ̀ ní 1937, àwọn ìyá, ìyàwó àti àbúrò a máa dúró lẹ́bàá ọ̀nà àti nítòsí ibùdókọ̀ rélùwéè, wọn a na sarashi bíi mítà kan sí àwọn obìnrin tí ń kọjá, wọn a bẹ olúkúlùkù pé kí ó ta kókó òwú pupa kan sí i. Bí ó bá pé ẹgbẹ̀rún, ó di senninbari. Obìnrin tí a bí ní ọdún ẹkùn láǹfààní láti ta kókó tó iye ọjọ́ orí rẹ̀, nítorí ìgbàgbọ́ pé ẹkùn a máa rin ẹgbẹ̀rún ibùsọ̀, a sì padà. Wọn a tún rán owó sẹ́ńì márùn-ún mọ́ ọn. Shi ni mẹ́rin, shi náà ni ikú. Sẹ́ńì márùn-ún ti ré mẹ́rin kọjá. Iná ara a máa sá sínú àwọn kókó náà lójú ogun, àwọn ọmọ ogun tí ó padà dé kò sì fi èyí pamọ́. Ohun tí ó yẹ kí a kíyè sí ni pé ní gbangba ni wọ́n ti ń ṣe ọ̀já yìí. Obìnrin tí ó dúró ní títì gbé ẹ̀rù rẹ̀ síta, lábẹ́ ojú ọlọ́pàá àti ẹgbẹ́ àwọn obìnrin alátìlẹ́yìn ogun, nígbà tí kò sí àyè fún un láti sọ ọ́ lẹ́nu.

Ìtumọ̀ kejì ń bẹ níbẹ̀ tipẹ́. Egungun tí ó wà ní pápá títí òjò àti oòrùn fi sọ ọ́ di funfun ni nozarashi. Ọ̀rọ̀ yìí ni akéwì Bashō fi bẹ̀rẹ̀ ìrìn-àjò rẹ̀ ní 1684, ó sì di orúkọ ìwé ìrìn-àjò náà. Lábẹ́ ìjọba Tokugawa, orí arúfin tí wọ́n bẹ́ a máa wà lórí pákó fún ọjọ́ mẹ́ta ní Kozukappara tàbí Suzugamori, ní ẹnu ọ̀nà àríwá àti gúúsù Edo. Wọ́n tún ń gbé ẹni tí ó wà láàyè síta. Àkójọ òfin 1742 sọ pé bí olólùfẹ́ méjì bá fẹ́ pa ara wọn pọ̀, tí àwọn méjèèjì sì yè é, kí wọ́n gbé wọn síta fún ọjọ́ mẹ́ta, kí wọ́n sì fà wọ́n lé àwọn hinin lọ́wọ́, ẹgbẹ́ àwọn tí a ta nù láwùjọ. Ẹsẹ̀ afárá Nihonbashi ni wọ́n ti ń ṣe é ní Edo, ibi tí wọ́n ti ń ka ibùsọ̀ gbogbo òpópónà ìjọba. Àlùfáà ẹ̀sìn Búdà tí ó bá obìnrin lò pọ̀ náà a máa jókòó níbẹ̀.

Ibí ni ìfiwéra pẹ̀lú aṣọ ti já. Ó rọrùn láti sọ pé ìjìyà náà ń fọ ẹ̀ṣẹ̀ bí odò ṣe ń fọ aṣọ, ṣùgbọ́n òfin náà kò sọ bẹ́ẹ̀. Aṣọ kúrò létí odò, iye rẹ̀ ga sí i. Ènìyàn kúrò lẹ́sẹ̀ afárá, ó di hinin. Ọjọ́ mẹ́ta yẹn kì í ṣe fún un. Fún àwọn tí ń kọjá ni.

Ìjọba Meiji kò tètè jáwọ́. Ní oṣù kẹrin 1874, wọ́n bẹ́ orí Etō Shinpei, olórí ọ̀tẹ̀ Saga, wọ́n sì gbé e síta. Ọkùnrin yìí kan náà ti ṣe mínísítà ètò ìdájọ́ ní ọdún méjì ṣáájú. Wọ́n ya fọ́tò orí náà, àwọn ènìyàn sì rà á. Ọdún 1879 ni òfin fagi lé gbígbé orí síta, ṣùgbọ́n fọ́tò kò mọ ọjọ́ mẹ́ta. Lórí íntánẹ́ẹ̀tì lónìí, sarasu ni wọ́n ń pè é bí ẹnìkan bá gbé orúkọ, àwòrán tàbí ọ̀rọ̀ ìkọ̀kọ̀ ẹlòmíràn síta kí ojú lè tì í. Ìjọba Edo a máa ka ọjọ́. Kò sí ẹni tí ń kà á níbí.

Àmì méjèèjì tí wọ́n fi ń kọ ọ̀rọ̀-ìṣe náà, 晒 àti 曝, kò sí nínú àkójọ àmì tí ìjọba là kalẹ̀ fún ìlò gbogbogbòò. Nítorí náà àwọn ìwé ìròyìn a máa fi lẹ́tà ìró kọ ọ́: さらす. Bákan náà ni wọ́n ṣe ń ṣe sí hibaku, fífi ara kan ìtànṣán àtọ́míìkì, tí àmì kejì nínú rẹ̀ jẹ́ 曝 yìí gan-an. Oòrùn apá òsì ti lọ. Bí òǹkàwé bá rí さらし nínú àkọlé ìròyìn, ó di dandan kí ó kà síwájú kí ó tó mọ̀ bóyá ọ̀já aboyún ni wọ́n ń sọ, tàbí ẹnìkan tí wọ́n ti tú orúkọ rẹ̀ síta.